Kí gbogbo ìlú jọ gòkè: ọ̀rọ̀ tí mo bá àwọn tó ń kọ ìtàn ayé àròsọ sọ

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin èèyàn mi. Wọ́n ní kí n wá sọ̀rọ̀ lórí irú ìtàn kan tó ti ń pọ̀ láàárín wa báyìí, ìtàn ayé tí a fọkàn dá, tí gbogbo ará ìlú kan á ti para pọ̀ di ọkàn kan ṣoṣo, tí wọ́n á wá jọ gbéra bọ́ sí ipò tó ga ju tèèyàn lọ. Ọ̀pọ̀ nínú yín ló ń kọ ọ́, àwọn kan ń fi ṣe géèmù, àwọn kan ń yà á. Mo fẹ́ràn ẹ̀ gan-an. Nítorí pé mo fẹ́ràn ẹ̀ ni mi ò ṣe ní kàn máa yìn yín lónìí, ẹ jẹ́ n sọ ibi tó ń dùn mí.

Ohun tí mò ń rí nìyí. Tí ìtàn bá ti dé ibi ìgòkè yẹn báyìí, gbogbo èèyàn inú ẹ̀ á kàn di ìmọ́lẹ̀. Ọmọdé o, àgbà o, ọlọ́jà o, jagunjagun o, gbogbo wọn á yọ́ mọ́ra wọn, ohùn kan á máa wí pé "àwa, àwa", ìtàn á sì tán síbẹ̀. Òǹkàwé á rò pé nǹkan ńlá ló ṣẹlẹ̀. Ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá bi ẹni tó kọ ọ́ pé ìyá ẹlẹ́kọ tó wà ní orí kejì yẹn ńkọ́, èyí tó máa ń fèsì fún ọba láì bẹ̀rù, tó jẹ́ pé torí ẹ̀ gan-an la ṣe ń ka ìtàn yẹn lọ, kò ní rí nǹkan sọ. Ìyá ẹlẹ́kọ ti yọ́. Lójú tèmi o, àwọn ará ìlú yẹn ò gòkè rárá, wọ́n kú ni, a kàn fi ìmọ́lẹ̀ bo òkú wọn ni.

Mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yẹn le. Ẹ ní sùúrù, ẹ jẹ́ ká gbé e yẹ̀ wò, torí mo gbà pé ìgòkè àpapọ̀ ṣeé kọ dáadáa, mo sì gbà pé àwa Yorùbá ní ohun tá a lè fi kọ ọ́ táwọn míì ò ní.

Ìtàn kan wà nínú Ifá, nínú odù Ọ̀ṣẹ́túrá, ọ̀pọ̀ yín á ti gbọ́ ọ, bó tiẹ̀ jẹ́ pé bí babaláwo kan ṣe ń sọ ọ́ lè yàtọ̀ díẹ̀ sí bí òmíì ṣe ń sọ ọ́. Olódùmarè rán irúnmọlẹ̀ mẹ́tàdínlógún wá sáyé pé kí wọ́n wá tún un ṣe. Mẹ́rìndínlógún jẹ́ ọkùnrin, Ọ̀ṣun nìkan ni obìnrin. Wọ́n dé, wọ́n la igbó Orò, wọ́n la igbó Ọ̀pá, wọ́n ń pàdé, wọ́n ń gbèrò, wọn ò pe Ọ̀ṣun sí i. Ọ̀ṣun náà ò bá wọn jà, ó jókòó ti òòyà ẹ̀, ó ń dirun. Ni nǹkan bá dojú rú. Òjò ò rọ̀, ẹbọ ò gbà, gbogbo ohun tí wọ́n fọwọ́ kàn ló ń bà jẹ́ mọ́ wọn lọ́wọ́. Wọ́n padà lọ bá Olódùmarè pé gbogbo bẹ́ ẹ ṣe ní ká ṣe é la ṣe é o, àmọ́ kò gún. Ó bi wọ́n pé ẹ̀yin mélòó lẹ jọ lọ, wọ́n ní mẹ́tàdínlógún, ó ní ẹnì kẹtàdínlógún yín dà? Wọ́n wá lọ ń bẹ Ọ̀ṣun, oyún sì wà nínú ẹ̀ nígbà yẹn, ó ní tóun bá bí ọkùnrin, ọmọ náà á máa bá wọn lọ, àmọ́ tó bá jẹ́ obìnrin, kálukú á gbọ́ tẹnu ẹ̀. Ọkùnrin ló bí, òun ni Ọ̀ṣẹ́túrá, ẹni tó ń gbé ẹbọ dé òde ọ̀run.

Ẹ wò ó dáadáa. Àwọn mẹ́rìndínlógún yẹn ò bá ara wọn jà o. Kò sẹ́ni tó ta ko ẹnì kejì nínú wọn, ohùn wọn ṣọ̀kan. Tó bá jẹ́ pé nínú ìtàn tá à ń kọ báyìí ni, ibẹ̀ gan-an ni ìmọ́lẹ̀ á ti bẹ̀rẹ̀ sí í tàn lára wọn tí ilẹ̀ á máa mì tìtì. Ifá ní rárá, kò sí nǹkan kan tó ṣẹlẹ̀, torí pé wọ́n ṣọ̀kan lóòótọ́ àmọ́ wọn ò pé. Èyí ni mo fẹ́ kí ẹ mú lọ sílé lónìí. Ẹni tó ń kọ ìtàn ìgòkè sábà máa ń wá bí wọ́n á ṣe ṣọ̀kan, á wá máa gé àwọn tí ò bá wọn dọ́gba kúrò, àwọn oníyèméjì, àwọn alágídí, títí tó fi máa ku kìkì àwọn tó jọ ara wọn. Ó yẹ kó máa bi ara ẹ̀ pé ta ló kù tí ò tíì dé.

Nǹkan míì tún wà tó yẹ ká sọ kí n tó lọ síwájú. Nínú ọ̀pọ̀ ìtàn tiwa, lílọ sókè kì í ṣe èrè fún ẹni tó lọ nìkan, ó máa ń dá wàhálà sílẹ̀ fún àwọn tó kù. Àwọn irúnmọlẹ̀ tiwa, sísọ̀ kalẹ̀ ni wọ́n sọ̀ kalẹ̀ wá bá wa, òrìṣà ló ń wá gun èèyàn. Ọ̀kan tó lọ sókè tí gbogbo wa mọ̀ ni Ọ̀rúnmìlà, ẹ sì rántí bó ṣe lọ. Ó ń ṣọdún, ó pe àwọn ọmọ ẹ̀ mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ, Alárá wá, ó kí i pé àbọrú bọyè bọ ṣíṣẹ, Ajerò wá, òun náà kí i, gbogbo wọn kí i tán, ó wá kan Ọlọ́wọ̀ tó kéré jù, ó ní òun ò ní kí i bẹ́ẹ̀, pé bí bàbá òun ṣe dé adé lòun náà dé adé. Inú bí Ọ̀rúnmìlà, ó kọrí sí ìdí ọ̀pẹ àgùnká tó ya orí mẹ́rìndínlógún, ó bá ibẹ̀ lọ. Ayé wá dàrú. Aboyún ò bí mọ́, àgàn ò tọwọ́ àlà bosùn, òkùnrùn ò dìde. Nígbà táwọn ọmọ ẹ̀ lọ bẹ̀ ẹ́, kò padà wálé, àmọ́ ó ní kí wọ́n tẹ́wọ́, ó fún wọn ní ikin mẹ́rìndínlógún, pé ohunkóhun tí wọ́n bá fẹ́, kí wọ́n máa bi í léèrè.

Mo máa ń rò ó pé ikin yẹn ni ẹ̀kọ́ tó tóbi jù fún òǹkọ̀wé nínú gbogbo ìtàn yìí. Ẹni tó lọ sókè fi nǹkan sílẹ̀ tẹ́ni tó wà nílẹ̀ lè fi bá a sọ̀rọ̀. Tí ìlú yín bá gòkè lọ pátápátá tí wọn ò fi ikin kankan sílẹ̀ fún àwọn ìlú tó yí wọn ká, tí aládùúgbò kàn jí lọ́jọ́ kejì tó rí ilé òfìfo, a ò lè pe ìyẹn ní ìgbàlà o. Ẹ kọ ohun tójú aládùúgbò yẹn rí náà. Kí ló fẹ́ ṣe sí ewúrẹ́ wọn? Ta ló máa san gbèsè tí wọ́n jẹ ẹ́?

Ó dáa, ẹ jẹ́ ká sọdá òkun lọ sí Brazil, torí ibẹ̀ ni mo ti rí àpẹẹrẹ tó dùn mọ́ mi jù nípa kí ọ̀pọ̀ èèyàn wà nínú ẹ̀mí kan náà láì sọ ara wọn nù. Nílé níbí, ìlú kan sábà máa ń ní òrìṣà tó jẹ́ tiẹ̀ gangan, Ọ̀ṣun ní Òṣogbo, Ṣàngó ní Ọ̀yọ́, Ògún ní Ìrè. Nígbà tí wọ́n wá kó àwọn èèyàn wa lẹ́rú dé Bàhíà, ẹni tó wá láti Kétu, ẹni tó wá láti Ọ̀yọ́, ẹni tó wá láti ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, gbogbo wọn bára wọn nínú ìyà kan náà, wọ́n sì kó àwọn òrìṣà wọn jọ sábẹ́ òrùlé kan. Òun ló di ẹ̀sìn Candomblé. Àwọn ilé bẹ́ẹ̀ ṣì wà ní ìlú Salvador títí dòní, ọ̀kan tó gbajúmọ̀ dáadáa ni Ilê Axé Opô Afonjá tí ìyálórìṣà kan tó ń jẹ́ Mãe Aninha dá sílẹ̀ ní 1910, ẹ̀yin náà ẹ gbọ́ orúkọ yẹn, Ilé Àṣẹ Òpó Àfọ̀njá ni.

Tí wọ́n bá ń ṣe xirê níbẹ̀, ìyẹn ṣiré, wọ́n á tò yípo, ìlù mẹ́ta á máa dún, wọ́n á kọrin fún òrìṣà kọ̀ọ̀kan, wọ́n á ti Èṣù bẹ̀rẹ̀, wọ́n á fi Ọ̀ṣàálá parí ẹ̀. Gbogbo ilé yẹn á gbóná, èèyàn tó kàn wá wòran gan-an á mọ̀ pé nǹkan kan ti wọ inú ilé, kì í ṣe nǹkan ẹnì kan ṣoṣo. Àmọ́ tí òrìṣà bá dé, ẹni tí Ọya gùn á jó ijó Ọya, ẹni tí Ògún gùn á jó ijó Ògún, aṣọ wọn yàtọ̀, ìlù wọn yàtọ̀, ojú wọn gan-an á yàtọ̀. Àwọn obìnrin méjì lè jẹ́ ọmọ Ọ̀ṣun nínú ilé kan náà kí Ọ̀ṣun ti tibí má jọ Ọ̀ṣun ti tọ̀hún, torí orí ẹni kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ṣe é sí. Kí wọ́n tó gbé òrìṣà lé èèyàn lórí, wọ́n á kọ́kọ́ bọ orí onítọ̀hún ná. Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́, òrìṣà kan ò lè dá ni gbè lẹ́yìn orí ẹni. Nítorí náà, ẹ̀mí tó kún ilé yẹn jẹ́ ọ̀kan, ẹnu ọ̀nà tó ń gbà wọlé ló pọ̀, tẹ́ ẹ bá sì ti ẹnu ọ̀nà kan pa, ẹ ti dín in kù nìyẹn.

Émile Durkheim, ọmọ Faransé tó jẹ́ onímọ̀ nípa àwùjọ, kọ nípa irú ìgbóná bẹ́ẹ̀ ní 1912, ó ní táwọn èèyàn bá pé jọ tí wọ́n ń jó tí wọ́n ń kọrin pọ̀, agbára kan máa ń dìde láàárín wọn tó ga ju ti ẹnì kọ̀ọ̀kan lọ, ibẹ̀ ló ní ẹ̀sìn ti jáde. Òótọ́ wà níbẹ̀. Ẹni tó bá ti dúró láàárín èrò níbi ọdún Ọ̀ṣun Òṣogbo, tàbí níbi tí wọ́n ti ń kọrin ìyìn mọ́jú, tàbí níbi táwọn Mùsùlùmí ti ń ṣe sikiri tí gbogbo wọn ń mí lẹ́ẹ̀kan náà, kò ní jiyàn sí i. Ohun tí mo rí pé kò sọ tó ni pé ìgbóná yẹn lè gbé èèyàn lọ síbi dáadáa, ó sì lè gbé e jù sínú kòtò.

Kòtò yẹn, ẹ jẹ́ ká sọ ọ́ láìfi bò, torí ó ti ṣẹlẹ̀ lójú ayé. Ẹgbẹ́ kan wà ní Amẹ́ríkà tó ń jẹ́ Heaven's Gate. Marshall Applewhite àti Bonnie Nettles ló dá a sílẹ̀ nígbà tó kù díẹ̀ kí 1975 pé. Wọ́n ní àwọn á gòkè lọ sí ipò tó ga ju tèèyàn lọ, pé ọkọ̀ kan á ti ojú sánmà wá gbé wọn. Wọ́n fẹ́ràn ìtàn àròsọ tí wọ́n máa ń ṣe lórí tẹlifíṣọ̀n nípa àwọn tó ń gbé inú òfurufú, èdè ẹ̀ gan-an ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀. Wọ́n gé irun wọn bákan náà, wọ́n wọ aṣọ bákan náà, wọ́n pààrọ̀ orúkọ ara wọn kó lè parí bákan náà. Lára ohun tí wọ́n kà sí àṣìṣe nínú òfin wọn ni kí èèyàn gbẹ́kẹ̀ lé èrò ara ẹ̀. Nígbà tí Nettles kú ní 1985, ó yẹ kẹ́nì kan bèèrè pé ọkọ̀ tá a ní ó ń bọ̀ wá gbé gbogbo wa láàyè ńkọ́, kàkà bẹ́ẹ̀ ńṣe ni wọ́n yí ẹ̀kọ́ padà pé ara ò já mọ́ nǹkan kan, pé bí mọ́tò lásán ló rí. Ní oṣù kẹta 1997, nígbà tí ìràwọ̀ onírù Hale-Bopp yọ, wọ́n bá òkú wọn nínú ilé kan ní Rancho Santa Fe ní California, àwọn mọ́kàndínlógójì tó gbẹ̀mí ara wọn, Applewhite náà wà níbẹ̀.

Àánú wọn ń ṣe mí gidi gan-an. Kì í ṣe òmùgọ̀ ni wọ́n, iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ni wọ́n ń ṣe jẹun, wọ́n ń bá àwọn èèyàn kọ́ wẹ́bùsáìtì, àwọn kan ní ọmọ nílé. Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ rí ni pé wọ́n ṣọ̀kan débi pé kò sẹ́ni tó kù nínú wọn tó lè sọ pé dúró ná. Ìtàn tá a bá kọ tó ń fi irú ìṣọ̀kan yẹn hàn bí nǹkan ẹlẹ́wà, tí ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún kan kà á nínú yàrá ẹ̀ lálẹ́, ọwọ́ wa wà níbẹ̀ o. Mi ò sọ pé ká má kọ ọ́. Mo ní ká kọ ọ́ dé gbòǹgbò.

Ẹ ò ní gbà pé kòkòrò kan ṣe é dáadáa jù wọ́n lọ. Ọmọ Jámánì kan tó ń jẹ́ Martin Lindauer ló bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ oyin lẹ́yìn ogun àgbáyé kejì, Thomas Seeley ti Yunifásítì Cornell wá gbà á níbẹ̀, ó kó oyin lọ sí erékùṣù Appledore ní Maine níbi tí igi ńlá ò ti sí, kó lè jẹ́ pé àpótí tóun gbé sílẹ̀ nìkan ni wọ́n á rí fi ṣe ilé. Tí oyin bá pọ̀ jù nínú ilé wọn, nǹkan bí 10,000 á bá ìyá wọn jáde, wọ́n á so rọ̀ sára ẹ̀ka igi, wọ́n á wá ilé tuntun. Àwọn tó ń wá ilé ò ju ọgọ́rùn-ún mélòó kan lọ nínú gbogbo wọn. Èyí tó bá rí ihò igi tó dáa á padà wá jó, ijó ẹ̀ á sọ ibi tó wà àti bó ṣe jìnnà tó, bí ibẹ̀ bá sì ṣe dáa sí lára ẹ̀ ló máa ṣe jó pẹ́ tó. Títí dé ibí yìí ẹ lè rò pé ẹni tó bá lè jó jù ló máa borí. Rárá o. Oyin tó wòran ijó yẹn ò kàn ní bẹ̀rẹ̀ sí í jó tiẹ̀ torí pé arábìnrin ẹ̀ jó, á fò lọ síbẹ̀ fúnra ẹ̀, á wọ inú ihò yẹn, á rìn yíká inú ẹ̀, ohun tójú ara ẹ̀ rí ló máa wá sọ. Ìgbà tí àwọn tó ń bá ara wọn níbi tuntun yẹn bá tó bí ogún sí ọgbọ̀n ni wọ́n tó máa padà lọ ta àwọn yòókù jí, gbogbo wọn á mú ara wọn gbóná, wọ́n á gbéra lẹ́ẹ̀kan náà.

Ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá ẹ̀mí, èrò kan, wọ́n jọ gbéra lóòótọ́, kò sì sí ọba tó pàṣẹ, torí ìyá oyin yẹn ò sọ nǹkan kan. Àmọ́ ohun tó mú kí èrò kan yẹn jẹ́ ọgbọ́n ni pé kálukú ti fojú ara ẹ̀ wò ó. Ọgbọ́n ìlú tí a ń wá nìyẹn. Tẹ́ ẹ bá mú "lọ wò ó fúnra ẹ" kúrò níbẹ̀, ariwo ló kù.

Ẹ jẹ́ n wá sọ díẹ̀ nípa ayé tí èmi ń kọ lọ́wọ́, kó má dà bíi pé òfin nìkan ni mo wá ṣe. Ìlú náà ń jẹ́ Àfẹ̀mọ́jú, etí adágún odò ló wà. Níbẹ̀, ní gbogbo ìdájí, kí àkùkọ tó kọ, ọkàn gbogbo ará ìlú máa ń ṣí sílẹ̀ sí ara wọn fún ìwọ̀nba àkókò díẹ̀, tí oòrùn bá ti yọ á padà. Wọ́n gbà pé lọ́jọ́ tí gbogbo ọkàn bá ṣí láìsí ẹni tó fi ilẹ̀kùn kankan pamọ́, ìlú á gbéra kúrò lórí ilẹ̀.

Ibi tí mo ti lo àkókò jù ni ọ̀rọ̀ àṣírí. Ẹ rò ó wò. Àwa tó jẹ́ pé àdúrà wa ni kí Ọlọ́run bò wá láṣìírí, báwo la ṣe fẹ́ ṣe é tí gbogbo àdúgbò bá ń gbọ́ ohun tá à ń rò? Ọkùnrin tó jẹ gbèsè tó sì ń rẹ́rìn-ín sí olówó, ìyàwó tó mọ̀ pé ọmọ kẹta ò jọ bàbá ẹ̀, wòlíì tí ò gbàgbọ́ mọ́ àmọ́ tó ṣì ń gbàdúrà fáwọn èèyàn torí wọ́n nílò ẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìtàn á kàn ní gbogbo wọn dárí ji ara wọn lójú ẹsẹ̀, ó tán. Irọ́ ni, kò sí ẹni tó ń gbọ́ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ nípa ìyàwó ẹ̀ tó máa dárí jì í kí oòrùn tó yọ. Ní Àfẹ̀mọ́jú, wọ́n ní òfin kan: ohun tó o bá gbọ́ ní ìdájí, o ò gbọdọ̀ sọ ọ́ lójú oòrùn. Ẹni tó bá sọ ọ́, wọ́n á lé e lọ sí ahéré fún ọdún kan. Àwọn míì sì wà tí wọ́n máa ń fi ẹsẹ̀ ara wọn lọ sùn ní ahéré torí ohun tó wà lọ́kàn wọn wúwo jù, ìlú mọ̀, ìlú á sì ṣe bíi pé oko ni wọ́n lọ ro. Fún èmi, ibi tí ìgòkè ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, kí idán kankan tó dé. Àwọn èèyàn ń gbọ́ ohun tó burú jù nípa ara wọn lójoojúmọ́, wọ́n sì ń kí ara wọn ẹ káàárọ̀.

Ìrora náà wà níbẹ̀. Tí aboyún bá rọbí ní ìdájí, gbogbo ọkùnrin ìlú ló máa wà lórí ìkúnlẹ̀. Mo fẹ́ràn ojú ewé yẹn gan-an.

Obìnrin amọ̀kòkò kan wá wà níbẹ̀ tí ọkàn ẹ̀ kì í ṣí. Kì í gbọ́ wọn, wọn kì í gbọ́ ọ. Wọ́n ti kọ́kọ́ rò pé bóyá ó ń fi nǹkan pamọ́ ni, wọ́n wá rí i pé rárá, bí wọ́n ṣe dá a nìyẹn. Nígbà tí ọjọ́ ìgòkè pé, wọ́n kà ara wọn, wọn ò kà á. Ìlú sì gbéra o! Mi ò fẹ́ kó jẹ́ pé wọ́n kùnà pátápátá, mo jẹ́ kí wọ́n lọ sókè dé bí orí ọ̀pẹ. Wàhálà tó wà níbẹ̀ ni pé gbogbo wọn ń wo ọ̀kánkán ibì kan ṣoṣo, torí ojú kan ṣoṣo ni wọ́n fi ń wò, kò sẹ́ni tó ń wo ẹ̀yìn. Amọ̀kòkò tó wà nílẹ̀ ló rí i pé bèbè adágún ti ń ya lábẹ́ ìlú, ó ń pariwo, ó ń ju ìkòkò mọ́lẹ̀ kí wọ́n lè gbọ́, wọn ò gbọ́, wọn ò lo etí mọ́. Bí wọ́n ṣe wó lulẹ̀ nìyẹn.

Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ mi, ọ̀dọ́mọbìnrin kan dìde ó bi mí pé tí kálukú bá ṣì di ojú ara ẹ̀ mú, tó di orí ara ẹ̀ mú, níbo wá ni ìṣọ̀kan yẹn wà, ṣé kì í ṣe ọjà lásán la fẹ́ gbé sókè báyìí. Ìbéèrè tó dáa gan-an ni, mo sì rò pé ẹgbẹ́ onídùndún ló lè dá a lóhùn jù mí lọ. Ìyáàlù ń sọ̀rọ̀, kẹ̀ríkẹ̀rì ń gbè é, gúdúgúdú tó kéré jù nínú wọn, tí ò tiẹ̀ ṣeé fún bíi tàwọn yòókù, ohun kan náà ló ń tẹnu mọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Tí gbogbo wọn bá dáwọ́ lé ohun tí ìyáàlù ń sọ, kò sẹ́ni tó máa gbọ́ ọ̀rọ̀ náà mọ́, kò sì sẹ́ni tó máa lè jó. Àmọ́ kálukú wọn ń gbọ́ gbogbo wọn ní gbogbo ìgbà, ẹni tí ò gbọ́ èkejì ẹ̀ á já sọ́nà kíá. Ìṣọ̀kan tí mò ń sọ wà nínú gbígbọ́ yẹn. Nínú ọjà, kò sẹ́ni tó ń gbọ́ gbogbo ọjà. Kí ọ̀dọ́mọbìnrin yẹn gbìyànjú láti kọ ìlú tí gbogbo èèyàn ti ń gbọ́ gbogbo èèyàn, tí kálukú sì tún ní iṣẹ́ tiẹ̀ tí ẹlòmíì ò lè bá a ṣe, kó wá wo bó ṣe máa nira tó láti kọ ojú ewé kan péré.

Ọmọkùnrin kan náà bèèrè pé nígbà tí ìlú tún gbéra lẹ́ẹ̀kejì, ṣé amọ̀kòkò wá bá wọn lọ ni? Kò lọ. Wọ́n bẹ̀ ẹ́, wọ́n bẹ̀ ẹ́ dọ́ba, ó ní òun fẹ́ràn amọ̀, pé amọ̀ ò sí lókè. Mo pẹ́ lórí ibẹ̀ yẹn, torí ó rọrùn kí n kàn yí i lọ́kàn padà kí gbogbo ẹ̀ lè dùn parí, ṣùgbọ́n ìgòkè tí èèyàn ò lè kọ̀, ìfipámúni ni. Ohun tí wọ́n wá ṣe ni pé wọ́n gbà kó dúró, òun ló sì wá di ojú tó ń wo ìsàlẹ̀ fún wọn. Ní gbogbo ìdájí, ẹnì kan nínú wọn gbọ́dọ̀ sọ̀ kalẹ̀ wá pọn omi fún un, kó sọ ohun tí wọ́n rí lókè fún un, kí òun náà sọ bí bèbè adágún ṣe wà àti báwọn aládùúgbò ṣe ń ṣe sí. Ó ń yí kiri ni, ọba náà máa ń pọn omi, ẹni tó bá kàn ò lè rán ẹlòmíì. Èyí sì ni ìlú ò tíì yanjú, torí ọmọ kan ti wà lókè báyìí tí wọ́n bí síbẹ̀, tí ò fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ rí, ọ̀la ló kàn án, ó sì ti sọ fún wọn pé òun ò lọ.